Ta ni Paul Naschy, ta sì ni Jacinto Molina?

Bí o bá ń wo àwọn fíìmù ẹ̀rù tí wọ́n ṣe ní Sípéènì láàárín 1968 sí 1983, orúkọ méjì kan á máa yọ sí ọ lójú léraléra. Olórí òṣèré ni Paul Naschy. Ẹni tó kọ ìtàn ni Jacinto Molina. Tó bá tún yá, Jacinto Molina yìí náà ni wọ́n á kọ síbẹ̀ pé ó darí eré. Ẹni tí kò bá mọ̀dí á rò pé ọ̀rẹ́ méjì ni wọ́n, pé ọ̀kan ń kọ ọ́, èkejì ń ṣe é. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹnì kan náà ni.

Ìrújú náà kò sì mọ síbẹ̀. Fíìmù rẹ̀ kan ṣoṣo lè ní orúkọ mẹ́ta tàbí mẹ́rin. Ẹ̀dá ìtàn rẹ̀ tó gbajúmọ̀ jù, Waldemar Daninsky, ọmọ Pólàndì ni, bẹ́ẹ̀ Madrid ni wọ́n bí ẹni tó kọ ọ́ sí. Daninsky yìí á kú ní ìparí eré, á tún wà láàyè nínú èyí tó tẹ̀lé e, ẹnikẹ́ni kò sì ní ṣàlàyé bó ṣe jí. Fíìmù kan tilẹ̀ wà tí wọ́n ń kà mọ́ iṣẹ́ rẹ̀ tí kò sí ẹni tó fojú rí i rí. Ọ̀pọ̀ ló ń sọ pé iṣẹ́ jákujàku ló fà á. Èmi ò gbà. Bí a bá tú u palẹ̀, nǹkan méjì la ó bá nídìí púpọ̀ nínú rẹ̀: òfin ìjọba Franco, ọ̀gágun tó ń ṣàkóso Sípéènì nígbà náà, àti oníṣòwò tó fẹ́ ta fíìmù sókè òkun.

Orúkọ àbísọ rẹ̀ ni Jacinto Molina Álvarez. Orúkọ ìdílé méjì ni ọmọ Sípéènì ń jẹ́, ti bàbá á ṣáájú, ti ìyá á tẹ̀lé e, ti bàbá ni wọ́n sì sábà fi ń pe èèyàn. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ Molina ló ń kọ sára iṣẹ́ rẹ̀, tí Álvarez kì í fi bẹ́ẹ̀ yọjú. Ọjọ́ 6 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1934 ni wọ́n bí i. Kò tíì pé ọmọ ọdún méjì tí ogun abẹ́lé fi bẹ́ sílẹ̀. Lẹ́yìn ogun, nígbà tó ṣì kéré, ó wo fíìmù Amẹ́ríkà kan tí Lon Chaney Jr. ti ṣe ọkùnrin tó ń di ìkookò nígbà tí òṣùpá bá kún. Títí ọjọ́ ogbó rẹ̀ ló ń sọ ọ́ pé ibẹ̀ ni nǹkan náà ti wọ òun lára. Èèyàn-ìkookò ni màá máa pe irú ẹ̀dá bẹ́ẹ̀ láti ibí lọ.

Kó tó di òṣèré, iṣẹ́ tí kò ṣe kò pọ̀. Ó kọ́ nípa yíya àwòrán ilé. Ó ya àwòrán sára àpò rẹ́kọ́ọ̀dù. Ó kọ àwọn ìwé ìtàn pẹlẹbẹ nípa kaboi, irú èyí tí wọ́n ń tà ní pọ́ọ́kú, orúkọ tó sì fi sára wọn ni Jack Mills. Bí a bá fẹ́ kà á dáadáa nígbà náà, orúkọ mẹ́ta ló ní, kì í ṣe méjì. Ṣùgbọ́n irin gbígbé ló kọ́kọ́ sọ ọ́ di ẹni àmúyangàn: ní 1958, òun ló gba ipò kìíní ní gbogbo Sípéènì láàárín àwọn tí ìwọ̀n wọn jọra. Kò ga, àmọ́ ó síngbọnlẹ̀: àyà gbòòrò, ọrùn kì, apá kún. Ẹ fi ara yìí sọ́kàn, nítorí òun ló gbé e wọ inú eré.

Nígbà yẹn àwọn ilé-iṣẹ́ fíìmù Amẹ́ríkà ń wọ́ wá sí Sípéènì, torí owó òṣìṣẹ́ kò wọ́n níbẹ̀. Wọ́n nílò ọ̀pọ̀ èèyàn tí yóò kàn wọ aṣọ ológun tàbí ti ẹrú, tí yóò dúró lẹ́yìn láìsọ̀rọ̀. Molina wà lára irú wọn nínú King of Kings, fíìmù nípa Jésù tó jáde ní 1961. Níbi irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀, tó ṣe fún tẹlifíṣàn Amẹ́ríkà, ló ti pàdé Boris Karloff, àgbà òṣèré tó ṣe ẹ̀dá abàmì inú ìtàn Frankenstein ní 1931. Karloff ti darúgbó, ara rẹ̀ kò yá, òtútù sì ń pa á. Molina ròyìn pé òun rí i tó ń sunkún. Àwọn tó ṣe fíìmù nípa ìgbésí ayé Molina ní 2010 mú àkọlé wọn látinú ìròyìn yẹn: El hombre que vio llorar a Frankenstein, ọkùnrin tó rí Frankenstein tó ń sunkún.

Ní báyìí, ẹ jẹ́ ká dé ibi tí orúkọ ti di méjì. Molina kọ ìwé eré kan, La marca del hombre lobo, ìyẹn Àmì Èèyàn-ìkookò, èyí tí wọ́n gbé jáde ní 1968. Kò ní i lọ́kàn pé òun ni yóò ṣe é. Lon Chaney Jr. tó wò lọ́mọdé ló fẹ́ kí wọ́n lọ bá. Ṣùgbọ́n Chaney ti dàgbà, àìsàn sì ti wọ̀ ọ́ lára. Iṣẹ́ tí èèyàn ti máa fò, tí yóò máa jà, tí yóò máa ya ilẹ̀kùn, ti kọjá agbára rẹ̀. Wọ́n wá ẹlòmíràn tì. Ìgbà náà ni wọ́n wo òǹkọ̀wé tó jókòó tì wọ́n, tó lè gbé irin tó wúwo ju òun fúnra rẹ̀ lọ, wọ́n ní kó ṣe é.

Owó Jámánì wà nínú iṣẹ́ náà. Àwọn tó fẹ́ tà á níbẹ̀ ní orúkọ ọmọ Sípéènì kò lè ta fíìmù ẹ̀rù: ta ló ń retí pé kí ẹni tó ń jẹ́ Jacinto dẹ́rù bà á? Wọ́n ní kó wá orúkọ òkèèrè. Ó mú Paul látinú orúkọ Póòpù Pọ́ọ̀lù Kẹfà tó rí nínú ìwé ìròyìn, ó sì yí orúkọ agbérin ọmọ Hungary kan, Nagy, padà di Naschy. Orúkọ póòpù àti ti agbérin la wá pa pọ̀ fún èèyàn-ìkookò! Mi ò rò pé ẹnì kan jókòó ro èyí ju wákàtí kan lọ, bẹ́ẹ̀ òun ni aráyé fi mọ ọkùnrin yìí títí dòní.

Kí ló dé tí kò fi orúkọ tuntun náà kọ̀wé? Orúkọ òǹkọ̀wé kì í ta tíkẹ́ẹ̀tì. Ojú òṣèré ló wà lára pátákó ìpolówó, orúkọ òṣèré ló sì máa ń tóbi. Ibi tí oníṣòwò kò ti ní kí ó yí orúkọ padà, kò yí i. Ìdí nìyẹn tí Molina fi ń kọ, tí Naschy fi ń ṣe é. Nígbà tó bẹ̀rẹ̀ sí í darí eré, Molina náà ló lò.

Pólàndì ńkọ́? Nínú ohun tó kọ́kọ́ kọ, ọmọ Sípéènì ni akọni rẹ̀. Láyé Ọ̀gágun Francisco Franco, tó ṣàkóso láti 1939 títí di 1975, ìwé eré gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ dé iwájú àwọn aṣàyẹ̀wò ìjọba kí kámẹ́rà tó yí. Àwọn wọ̀nyí ló sọ pé kò sí èèyàn-ìkookò ní Sípéènì. Orílẹ̀-èdè Kátólíkì ni, irú ẹ̀gbin bẹ́ẹ̀ kò gbọdọ̀ ti inú ilé wá. Bí ó bá di dandan kí ẹnì kan máa hurun lójú, kí ó jẹ́ àlejò. Bí akọni náà ṣe di Kánńtì (ìjòyè) Waldemar Daninsky láti Pólàndì nìyẹn. Ìyẹn náà ló jẹ́ kí púpọ̀ nínú àwọn fíìmù ẹ̀rù Sípéènì ìgbà yẹn máa ṣẹlẹ̀ ní ilẹ̀ Faransé, Jámánì tàbí apá ìlà-oòrùn Yúróòpù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìtòsí Madrid ni wọ́n ti ń yà wọ́n.

Ohun tó pa mí lẹ́rìn-ín níbẹ̀ ni pé Sípéènì ní èèyàn-ìkookò tirẹ̀ nínú ìwé ilé-ẹjọ́. Manuel Blanco Romasanta, ọmọ Galicia, ni wọ́n mú ní 1852 fún ìpànìyàn. Ó jẹ́wọ́ pé òun pa ènìyàn mẹ́tàlá, ó ní ègún ló wà lára òun tó ń sọ òun di ìkookò. Allariz ni wọ́n ti gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀, wọ́n dájọ́ ikú fún un, Ọbabìnrin Isabel Kejì sì yí i padà sí ẹ̀wọ̀n. Ìwé ẹjọ́ náà ti wà nílẹ̀ ju ọgọ́rùn-ún ọdún lọ kí aṣàyẹ̀wò tó ní irú rẹ̀ kò sí.

Ti orúkọ fíìmù tó pọ̀ jù, òwò ni gbogbo rẹ̀. Ẹni tó bá ra fíìmù láti tà nílùú tirẹ̀ lẹ́tọ̀ọ́ láti sọ ọ́ ní orúkọ tó wù ú, láti gé e, láti fi ohùn mìíràn sí i. Àpẹẹrẹ tó burú jù ni La marca fúnra rẹ̀. Ní Amẹ́ríkà, oníṣòwò kan ti ṣèlérí fíìmù Frankenstein fún àwọn ilé sinimá, àmọ́ kò ní in lọ́wọ́. Èyí tó ní ni èèyàn-ìkookò láti Sípéènì. Kí ló ṣe? Ó sọ ọ́ ní Frankenstein's Bloody Terror, ó sì fi àwòrán díẹ̀ àti ohùn kan sí ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀, tó ń ṣàlàyé pé ègún ti bá ẹ̀ka kan nínú ìdílé Frankenstein, wọ́n ti di ìkookò, wọ́n sì ti ń jẹ́ Wolfstein. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú yẹn, ẹ wá Frankenstein títí, ẹ ò ní rí i. Ẹni tó bá sanwó wọlé nítorí rẹ̀ ní 1971 ti wọ gàù. Fíìmù rẹ̀ mìíràn, La noche de Walpurgis, náà di The Werewolf vs. the Vampire Woman lọ́hùn-ún. Èyí sàn díẹ̀, ohun tó sọ wà nínú eré lóòótọ́.

Kì í ṣe orúkọ nìkan ló ń yí padà. Àwọn aṣàyẹ̀wò kò gbà kí obìnrin bọ́ra sílẹ̀ nínú fíìmù, àwọn oníbàárà òkè òkun sì ń béèrè fún un. Nítorí náà, àwọn olùṣe fíìmù á ya ìran kan ṣoṣo lẹ́ẹ̀mejì: èyí tí aṣọ wà lọ́rùn òṣèré fún ilé, èyí tí kò sí fún àjò. Bí ẹ̀yin méjì bá wo fíìmù kan náà, tí ẹ sì ń jiyàn lórí ohun tó wà nínú rẹ̀, ó ṣeé ṣe kí ẹ̀yin méjèèjì tọ̀nà.

Ọ̀rọ̀ fíìmù tí ẹnikẹ́ni kò rí kò gùn. Las noches del Hombre Lobo ni orúkọ rẹ̀, 1968 ni wọ́n kọ sí i. Molina ní àwọn ya á ní Paris, pé olùdarí rẹ̀ kú nínú ìjàm̀bá ọkọ̀, iṣẹ́ sì dúró síbẹ̀. Kò sí ẹ̀dà rẹ̀ níbì kankan, kò sí àwòrán, kò sí òṣèré mìíràn tó sọ pé òun wà níbẹ̀. Síbẹ̀ wọ́n ṣì ń kà á. Bí o bá rí ibi tí wọ́n ti ní ẹ̀ẹ̀mejìlá ló ṣe Daninsky, èyí wà lára méjìlá náà.

Ibi tó wù mí jù láti ṣàlàyé ni ti ikú Daninsky, nítorí ibẹ̀ ni ọwọ́ òǹkọ̀wé ti hàn. La noche de Walpurgis, tí León Klimovsky darí, jáde ní 1971. Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ rèé: òkú Daninsky wà lórí tábìlì, àwọn dókítà méjì dúró tì í, wọ́n fẹ́ yẹ̀ ẹ́ wò. Àwọn ará abúlé ti ní ẹ má fọwọ́ kàn án o. Dókítà ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́, ó ní ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì kò mọ irú ìyẹn. Ó fi ọ̀bẹ la àyà òkú, ó sì yọ ọta fàdákà jáde kúrò nínú ọkàn rẹ̀. Òṣùpá ti kún níta. Irun bẹ̀rẹ̀ sí í hù lójú òkú, ó dìde, ó pa àwọn méjèèjì, ó sì gba ojú ọ̀nà lọ.

Láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀ yìí, Molina ti kọ́ wa ní òfin gbogbo eré rẹ̀: fàdákà ló ń pa á, ẹni tó bá sì yọ fàdákà náà ti jí i. Òfin kan ṣì kù tó máa ń fà á tì di ìparí: kí ikú rẹ̀ tó lè jẹ́ ìsinmi, obìnrin tó fẹ́ràn rẹ̀ tọkàntọkàn ló gbọ́dọ̀ fi fàdákà náà gún un. Nínú fíìmù yìí, Elvira ló ṣe é, àgbélébùú fàdákà ló sì lò. Òfin kejì yìí ló yà á sọ́tọ̀ lójú tèmi. Daninsky kì í ṣe ẹranko tí à ń lé kiri. Ó mọ ohun tó ń ṣe òun, ó ń bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n de òun, kí wọ́n ti òun mọ́lé, ó sì ń wá ẹni tí yóò fẹ́ràn rẹ̀ tó láti pa á.

Bí ègún náà ṣe dé ara rẹ̀ ni kò dúró sójú kan. Ní 1968, èèyàn-ìkookò mìíràn ló bù ú jẹ. Nínú La maldición de la bestia ti 1975, ihò àpáta kan ní òkè Himalaya ló ti kó o, lọ́wọ́ àwọn obìnrin ajẹ̀nìyàn méjì. Nínú El retorno de Walpurgis ti 1973, ẹ̀ṣẹ̀ baba ńlá rẹ̀ ni. Ní 1983 ó wà ní Japan láàárín àwọn ajagun onídà, ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún sẹ́yìn. Ẹ má gbìyànjú láti so wọ́n pọ̀ mọ́ ara wọn. Ẹ gbọ́ wọn bí ẹ ṣe ń gbọ́ àlọ́ Ìjàpá: wọ́n pa á lánàá, ó tún ti jí lónìí, kò sì sí ọmọdé tó béèrè pé báwo. Ìwà rẹ̀ ló dúró, ìtàn ló ń yí.

Owó tí La noche de Walpurgis pa pọ̀ débi pé gbogbo olùṣe fíìmù Sípéènì ló fẹ́ ṣe ti ẹ̀rù. Láti 1971 títí di nǹkan bí 1975, Molina fẹ́rẹ̀ẹ́ má sùn. Ó ṣe Dracula, ó ṣe òkú tí wọ́n fi aṣọ wé ní Íjíbítì, ó ṣe Alaric de Marnac, ìjòyè Faransé tí wọ́n bẹ́ lórí tó sì padà wá gbẹ̀san. Kíákíá ló ń kọ ìwé eré, ó sì hàn: ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn òṣèré máa ń le gbagidi, àwọn obìnrin sì máa ń kó sínú ìfẹ́ rẹ̀ láàárín ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ẹ rántí pé òun ló ń kọ ọ́! Ṣùgbọ́n nínú ìkánjú yẹn ló ti kọ El jorobado de la Morgue, ti 1973, nípa abuké kan tó ń ṣiṣẹ́ níbi tí wọ́n ń gbé òkú sí, tí ọmọbìnrin kan ṣoṣo tó bá a sọ̀rọ̀ bí ènìyàn sì kú mọ́ ọn lọ́wọ́. Ó gba ẹ̀bùn ní Paris fún ipa yẹn. Ó tọ́ sí i.

Franco kú ní oṣù Kọkànlá 1975, wọ́n fagi lé àyẹ̀wò fíìmù ní 1977. Èèyàn á rò pé ọ̀nà là fún un. Òdìkejì ló ṣẹlẹ̀: ohun tí wọ́n ti ń fi pamọ́ ti wà ní gbangba, kò sí ẹni tó tún nílò ìkookò láti fi bò ó mọ́lẹ̀. Molina wá di olùdarí. Inquisición ló fi bẹ̀rẹ̀ ní 1976. Ní 1978 ó ṣe El huerto del francés, láìsí ìkookò, láìsí òkú tó ń rìn. Ìtàn tó ṣẹlẹ̀ lóòótọ́ ni, ní Peñaflor lẹ́bàá Seville: ọkùnrin kan tí wọ́n ń pè ní ará Faransé àti ẹnìkejì rẹ̀ ń fi tẹ́tẹ́ tan àwọn olówó wá sílé, wọ́n ń pa wọ́n, wọ́n ń sin wọ́n sínú ọgbà. Ní 1906 ni wọ́n pa àwọn méjèèjì. Akọni Sípéènì, ilẹ̀ Sípéènì, ìwà ibi Sípéènì: gbogbo ohun tí aṣàyẹ̀wò kò gbà ní 1968 ló kó sínú rẹ̀.

Owó Japan gbé e ró ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980. Lẹ́yìn náà ni òfin mìíràn dé. Ìjọba tuntun fi Pilar Miró, tó jẹ́ olùdarí fíìmù fúnra rẹ̀, ṣe olórí ẹ̀ka fíìmù, ní òpin 1983 sì ni àṣẹ rẹ̀ jáde: ìjọba á máa fún fíìmù lówó ṣáájú, bí ìgbìmọ̀ bá rí i pé ó níye lórí. Fíìmù tó dára jáde látinú rẹ̀, mi ò ní purọ́. Àmọ́ àwọn olówó kékeré tó ń ṣe fíìmù ẹ̀rù, ti kaboi àti ti apanilẹ́rìn-ín rọ́ sẹ́yìn, ibẹ̀ sì ni ilé Molina wà. Ní 1991 ọkàn rẹ̀ dá iṣẹ́ sílẹ̀ lójijì, ó kù díẹ̀ kó gba ibẹ̀ lọ, àwọn kan sì ti ń kéde pé ó ti kú.

Àwọn olólùfẹ́ òkè òkun, àwọn tó fi fídíò wò ó lábẹ́ oríṣiríṣi orúkọ burúkú yẹn, ni kò jẹ́ kí ayé gbàgbé rẹ̀. Ó kọ ìwé nípa ìgbésí ayé ara rẹ̀, Memorias de un hombre lobo, ní 1997. Ní 2001 ìjọba Sípéènì fún un ní àmì ẹ̀yẹ wúrà fún iṣẹ́ ọnà. Ó kọ Rojo sangre, tó jáde ní 2004, fún ara rẹ̀: òṣèré àgbà kan tí gbogbo ayé ti gbàgbé ni ó ṣe níbẹ̀, Pablo sì ni orúkọ rẹ̀. Ó kú ní Madrid lọ́jọ́ 30 oṣù Kọkànlá 2009, lẹ́ni ọdún márùndínlọ́gọ́rin.

Bí o bá fẹ́ wò ó, má tẹ̀lé ọdún. Fi La noche de Walpurgis bẹ̀rẹ̀, tẹ̀ lé e pẹ̀lú abuké, kí o wá wo El huerto del francés. Orúkọ Sípéènì ni kí o fi wá wọn, kì í ṣe ti Gẹ̀ẹ́sì, kí o sì wo iye ìṣẹ́jú rẹ̀ kí o tó jókòó tì í, torí ọ̀pọ̀ ẹ̀dà tó wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì ni wọ́n ti gé. Èyí tí ohùn Sípéènì wà nínú rẹ̀ ló sàn jù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé nínú ọ̀pọ̀ wọn, ohùn ẹlòmíràn ni wọ́n fi sí Naschy lẹ́nu níbẹ̀ náà.